Ìsánlú, Lọ́sẹ̀ Tí Àwọn Ọmọ Wa Wà Ní Íńdíà

Kí n tó sọ àpò kalẹ̀ ní Ìsánlú ni wọ́n ti bi mí léèrè bọ́ọ̀lù. Àwọn ìyá kan jókòó sábẹ́ igi máńgòrò níwájú ilé olóòkú, wọ́n ń bó ẹ̀gúsí sínú ọpọ́n, mo sì kúnlẹ̀ kí wọn bí a ṣe ń kí àgbà nílé wa ní Ìbàdàn. "Okun o," ni gbogbo wọn fi dá mi lóhùn. Wọ́n béèrè orúkọ mi, wọ́n béèrè bí ará ilé ṣe wà, wọ́n ní kí n jókòó. Lẹ́yìn náà ni ọ̀kan nínú wọn, tí irun orí rẹ̀ ti funfun tán, yíjú sí mi, ó ní: "Ìwọ tí o ti ìgboro dé, àwọn ọmọ wa tó lọ Íńdíà ńkọ́? Ṣé wọ́n borí?"

Mo kọ́kọ́ rò pé etí mi ló ṣì í gbọ́. Ìsìnkú ni mo bá wá; ìyá ọ̀rẹ́ mi ló jáde láyé lẹ́ni ọdún 88, àbúrò olóògbé gan-an sì ni màmá tó ń bi mí ní èsì bọ́ọ̀lù yìí. Ọjọ́rú ni, ọjọ́ 26 oṣù Ọ̀wàrà ọdún 2022. Lọ́jọ́ náà ni ikọ̀ Flamingos, àwọn ọmọbìnrin Nàìjíríà tí ọjọ́ orí wọn kò ju 17 lọ, wàákò pẹ̀lú Kòlóńbíà nílùú Margao ní Íńdíà, nínú ìdíje Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé. Mo ti gbọ́ bó ṣe parí nínú ọkọ̀: ọ̀mì ni wọ́n gbá, 0–0, Kòlóńbíà wá fi pẹ̀nárítì borí, 6–5. Mo sọ fún wọn. Màmá pòṣé, ó ní, "Áà! Ẹsẹ̀ kan péré," ó sì padà sídìí ẹ̀gúsí rẹ̀.

Kí n tó dé Ìsánlú, ohun tí mo mọ̀ nípa ìlú náà kò pọ̀. Mo mọ̀ pé ibẹ̀ ni olú ìlú ìjọba ìbílẹ̀ Ìlà-Oòrùn Yàgbà ní ìpínlẹ̀ Kogí, pé Agbaná ni orúkọ oyè ọba wọn, pé àpáta pọ̀ lágbègbè wọn, pé àwọn kan sì ń wa wúrà níbẹ̀. Ní ti bọ́ọ̀lù obìnrin, ọkàn mi kò gbé e dé ibẹ̀ rárá. Èkó ni mo fi í sí. Asisat Oshoala, ọmọ Ìkòròdú ni. Rasheedat Ajibade, ọmọ Mushin ni. Ẹgbẹ́ FC Robo ní Èkó ni àwọn méjèèjì ti gbá bọ́ọ̀lù kí ayé tó mọ̀ wọ́n. Èrò tèmi ni pé béèyàn bá ṣe ń jìnnà sí Èkó tó ni ilẹ̀kùn yóò ṣe máa tì mọ́ ọmọbìnrin tó bá fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù, títí yóò fi dé ìlú tí ìyá ọmọ yóò ti fi pàṣán lé e wálé.

Etí mi kò tètè gbá èdè wọn mú. Bí àwọn ìyá bá ń fi Yàgbà bá ara wọn sọ̀rọ̀, mo máa ń gbọ́ ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀, kí n tó mọ̀, ìparí rẹ̀ á ti bọ́ mọ́ mi lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti kọjú sí mi báyìí, wọ́n á yí ahọ́n padà sí Yorùbá tí wọ́n fi ń kọ́ wa nílé-ìwé, wọn kò sì ní jẹ́ kó hàn pé nítorí tèmi ni. Àwa kì í ṣe irú oore bẹ́ẹ̀ fún wọn. Ní Ìbàdàn, bí ará Okun bá lanu sọ̀rọ̀, wọ́n á ní kí ló ń sọ. Bó bá wá ní Kogí lòun ti wá, wọ́n á ní ará Òkè Ọya ni. Ọdún 1991 ni ìjọba ológun dá ìpínlẹ̀ Kogí sílẹ̀, tí wọ́n gé àwọn Okun kúrò lára Kwara, tí wọ́n kó wọn pọ̀ mọ́ Ígálà àti Ẹ̀bìrà. Yàgbà, Owé, Bùnú, Ìjùmú àti Ọ̀wọ́rọ̀ wà níbẹ̀ títí di òní, Yorùbá tí Yorùbá yòókù kì í rántí kà mọ́ra. Mo ṣàkíyèsí pé wọ́n mọ ìròyìn tiwa dáadáa. Wọ́n mọ ẹni tó ń ṣe gómìnà wa, wọ́n mọ ìjà tó wà láàárín àwọn òṣèré wa. Àwa kò mọ ohun kan nípa tiwọn.

Omi ni gbogbo ènìyàn ń sọ lọ́sẹ̀ náà. Odò Ọya àti Bẹ́núé ti kún bo Lọ́kọ́ja, àwọn mọ̀lẹ́bí tó ń ti Abuja bọ̀ wá sìnkú kò rí ọ̀nà gbà tààrà, ẹni tó bá sì wọlé, ìtàn omi ni yóò kọ́kọ́ sọ kí ó tó sunkún òkú. Epo bẹntiróòlù di ọ̀wọ́n. Wọn kì í tan jẹnẹrétọ̀ àfi bí ilẹ̀ bá ṣú tán.

Ìró odó ló jí mi ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì. Nílé wa ní Ìbàdàn, àmàlà ni oúnjẹ, gbẹ̀gìrì àti ewédú lórí rẹ̀. Iyán jẹ́ ohun tí a máa ń gún bí àlejò pàtàkì bá dé tàbí bí ọdún bá dé. Ní Ìsánlú, iyán ni oúnjẹ. Wọ́n ń gún un lọ́sàn-án, wọ́n ń gún un lálẹ́, wọn kì í sì í jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ pé òun yó kó tó tún bu òkèlè sí i. Iṣu tuntun ti jáde, ó wà ní òkìtì-òkìtì lẹ́yìn ilé, òmíràn nínú rẹ̀ tó ọmọdé ní gígùn. Ọbẹ̀ ẹ̀gúsí wọn ki, ó ní ẹran ìgbẹ́ àti ẹja gbígbẹ, epo pupa sì ń léfòó lórí rẹ̀. Mi ò tíì jẹ iyán tó kúnná tó bẹ́ẹ̀ rí.

Àwọn ọmọbìnrin mẹ́ta ló ń gún un. Ọmọ odó mẹ́ta, odó kan. Ti èyí ń lọ sókè, ti ìyẹn ń bọ̀ nílẹ̀, wọn kì í kọlu ara wọn, wọn kì í wo ara wọn lójú. Èyí tó kéré jù nínú wọn, ọmọ-ọmọ Màmá, kò lè ju ọmọ ọdún 14 lọ. Lọ́wọ́ ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, bí oòrùn ṣe rọ̀ díẹ̀, ó gbé ọmọ odó jókòó, ó nu ọwọ́ sára ìró, ó sì sáré jáde. Kò sẹ́ni tó pè é padà. Mo bi ìyá rẹ̀ pé níbo ló ń lọ. Ó ní, "Bọ́ọ̀lù ni," ó sì ń ro ọbẹ̀ rẹ̀ lọ.

Mo tẹ̀ lé e. Pápá ilé-ìwé kan ni, erùpẹ̀ pupa tó dagẹ̀rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan, tó fi jẹ́ pé ẹgbẹ́ tó bá ń gbá bọ́ọ̀lù lọ sísàlẹ̀ ló ń jàǹfààní. Ọparun ni wọ́n fi ṣe òpó ilé, kò sáwọ̀n. Òkúta kéékèèké pọ̀ nílẹ̀. Àwọn ọmọbìnrin bíi ogún ló wà níbẹ̀. Mo bẹ̀rẹ̀ láti wo ẹsẹ̀ wọn. Bàtà bọ́ọ̀lù wà lẹ́sẹ̀ ẹni méjì. Àwọn yòókù wọ sálúbàtà rọ́bà, irú èyí tí a máa ń wọ̀ lọ balùwẹ̀, wọ́n sì ti gé rọ́bà inú táyà kẹ̀kẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́-tẹ́ẹ́rẹ́ fi dì í mọ́ ẹsẹ̀: ó gba ìsàlẹ̀ àtẹ́lẹsẹ̀ kọjá lẹ́ẹ̀mejì, ó yí ọrùn ẹsẹ̀ ká, wọ́n wá ta á ní kókó lẹ́yìn gìgísẹ̀ níbi tí kò ti ní dí bọ́ọ̀lù lọ́wọ́. Bí ọ̀kan bá tú, ẹni tó ni ín á fò lórí ẹsẹ̀ kan lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá, ẹlòmíràn á wọlé dípò rẹ̀ títí yóò fi dì í tán. Kò sẹ́ni tó ń sọ fún wọn. Wọ́n ti mọ̀ ọ́n bẹ́ẹ̀.

Ọmọkùnrin kan tó ń gun ọ̀kadà ló ń kọ́ wọn. Kò sẹ́ni tó ń sanwó fún un. Ọ̀kadà rẹ̀ wà lábẹ́ igi, ó ti fi owó ìrọ̀lẹ́ náà sílẹ̀. Nígbà tó gbọ́ pé Ìbàdàn ni mo ti wá, ó dúró tì mí, ó sì ń sọ̀rọ̀ lọ láìgbé ojú kúrò lára àwọn ọmọ náà. Ó mọ ìtàn bọ́ọ̀lù obìnrin lórí. Ó ní Kánádà ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ìdíje àgbáyé àwọn ọ̀dọ́bìnrin lọ́dún 2002, nígbà tó ṣì jẹ́ ti àwọn tí kò ju ọdún 19 lọ, kí wọ́n tó sọ ọ́ di ti ọlọ́dún 20, àti pé láti ìgbà náà Nàìjíríà kò pa ọ̀kankan jẹ nínú rẹ̀. Ó ka ti ọdún 2010 fún mi, nígbà tí Jámánì fi 2–0 borí wa ní àṣekágbá ní Bielefeld. Ó ka ti ọdún 2014 ní Montréal, Jámánì náà ni, 1–0 péré, lẹ́yìn tí wọ́n ti fi àkókò kún àkókò. Oshoala gbá góòlù 7 wọlé nínú ìdíje yẹn, wọ́n sì fi í ṣe agbábọ́ọ̀lù tó dára jù lọ àti ẹni tó gbá góòlù wọlé jù lọ. "Kò sí orílẹ̀-èdè mìíràn ní Áfíríkà tó tíì dé àṣekágbá yẹn, Àǹtí," ó ní. "Àwa nìkan, ẹ̀ẹ̀mejì."

Àwọn ọmọ náà ti fi orúkọ pín ara wọn. Oshoala méjì wà, Ajibade kan wà. Èyí tó ń ṣọ́lé láàárín ọparun méjì ní Faith Omilana ni òun, nítorí Omilana ló ń ṣọ́lé fún àwọn Flamingos ní Íńdíà, òun náà ló sì wà nílé nígbà tí wọ́n fi pẹ̀nárítì 4–3 lé Amẹ́ríkà jáde lọ́jọ́ 21 oṣù náà. Ọmọ-ọmọ Màmá ní tirẹ̀ kò fẹ́ orúkọ ẹnikẹ́ni. Ó ń gbá bọ́ọ̀lù ní ẹ̀gbẹ́ òsì. Nígbà tí wọ́n sinmi, ó wá kúnlẹ̀ kí mi, ó ní, "Àǹtí, ṣé ẹ mọ pápá Adámásìngbà ní Ìbàdàn yín?" Mo ní mo mọ̀ ọ́n, Shooting Stars ló ń gbá níbẹ̀. Ó ní, "Àwọn obìnrin ńkọ́?" Mo ní àwọn ọkùnrin ni èmi máa ń rí. Ó mi orí, ó sì padà sí pápá.

Ìdáhùn mi dùn mí títí alẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ní Ìbàdàn bí ọmọbìnrin kan tí ẹsẹ̀ rẹ̀ dára. Adúgbò wọn ní pápá, ilé-ìwé rẹ̀ ní pápá tó ní koríko, bàtà kò wọ́n bàbá rẹ̀ í rà. Nígbà tó di ọmọ ọdún 12, bàbá rẹ̀ ní ó tó gẹ́ẹ́, pé bọ́ọ̀lù á sọ ọ́ di ọkùnrin, pé ta ni yóò fẹ́ ẹ. Gbogbo wa nínú ẹbí ló gbọ́, kò sẹ́ni tó bá a jiyàn, ìyẹn pẹ̀lú èmi tí mò ń kọ èyí. Ní ìgboro tí ohun gbogbo wà, àwọn tó kàwé ló ti ilẹ̀kùn mọ́ ọmọ. Ní Ìsánlú tí mo rò pé ilẹ̀kùn ti tì, ìyá ọmọ ń ro ọbẹ̀ rẹ̀ lọ.

Lálẹ́ tó ṣáájú ìsìnkú, mo jókòó ti Màmá nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Jẹnẹrétọ̀ ti kú, àtùpà ni wọ́n tàn. Ó ṣí àpótí kan, ó ń kó aṣọ jáde, aṣọ òfì aláró tó nípọn, tó ń rùn fún káńfọ̀. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ olóògbé ló hun wọ́n nígbà tí wọ́n wà lọ́dọ̀ọ́, lórí òfì tí àwọn obìnrin ilẹ̀ Okun máa ń gbé ró síbi ògiri. Bí wọ́n bá ti oko dé, wọ́n á jókòó sí ìdí rẹ̀ títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Mo bi í pé inú kò bí i pé ọmọ-ọmọ rẹ̀ ń sáré kiri ní pápá pẹ̀lú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, nígbà tí ìsìnkú wà nílé.

"Kí ni n óò bínú sí?" ó ní. "Ọwọ́ la fi hun aṣọ tí a tà, tí a fi rán àwọn ọmọ níwèé. Ìyá ọ̀rẹ́ rẹ tí a fẹ́ sin lọ́la yìí, aṣọ ló hun tó fi san owó ilé-ìwé ọ̀rẹ́ rẹ. Bó bá jẹ́ ẹsẹ̀ ni Ọlọ́run fún ti èyí, ṣé kí n so ó mọ́lẹ̀ ni?"

Ó ká aṣọ kan, ó tẹ́ ẹ sórí itan rẹ̀, ó fi àtẹ́lẹwọ́ rá a.

"Ohun kan ló ń kọ mí lóminú. Tèmi, bí mo bá hun aṣọ tán, mo mọ ọjà tí n óò gbé e lọ. Bọ́ọ̀lù ọmọ yìí, ọjà wo ni yóò gbé e lọ?"

Mi ò ní èsì fún un. Ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù obìnrin tí ìpínlẹ̀ náà ní ni Confluence Queens, Lọ́kọ́ja ni ibùjókòó wọn. Ọmọkùnrin ọlọ́kadà ti sọ fún mi pé òun ti ń gbèrò láti mú méjì nínú àwọn ọmọ náà lọ hàn wọ́n kí omi tó dé. Owó ọkọ̀ lọ, owó ọkọ̀ bọ̀, ibi tí wọ́n á sùn, lórí ọ̀kadà ni yóò ti rí gbogbo rẹ̀. Láàárín Ìsánlú àti Lọ́kọ́ja, kò mọ ìdíje kan tí ọmọbìnrin lè gbá tí ẹni tó mọ bọ́ọ̀lù yóò fi rí i. Kì í ṣe pé àwọn òbí kọ̀. Kì í ṣe pé ọmọ kò mọ̀ ọ́n gbá. Ọ̀nà ni kò sí láti pápá erùpẹ̀ yẹn dé ibikíbi.

A sin ìyá ọ̀rẹ́ mi lọ́jọ́ Sátidé. Wọ́n fi aṣọ tó hun fúnra rẹ̀ tẹ́ pósí, wọ́n kọrin, wọ́n jẹ iyán, wọ́n jó.

Lọ́jọ́ Àìkú, ọjọ́ 30, ìdúpẹ́ ìsìnkú bọ́ sí ọjọ́ tí Nàìjíríà fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù pẹ̀lú Jámánì fún ipò kẹta ní pápá DY Patil ní Navi Mumbai. Ọ̀sán gangan ni wọ́n máa bẹ̀rẹ̀ ní àkókò tiwa. Àwọn ọmọbìnrin náà jókòó sí ìlà kan nínú ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n wé gèlè, wọ́n ń wo aago ara ògiri. Nígbà tó kan àdúrà, àlùfáà gbàdúrà fún ẹbí olóògbé, ó gbàdúrà fún àwọn tí omi lé kúrò nílé, ó wá ní kí Ọlọ́run dúró ti àwọn ọmọbìnrin wa tó wà ní Íńdíà. Àmín tó jáde lẹ́nu ìlà yẹn ga ju ti gbogbo ìjọ lọ.

Nígbà tí a dé abẹ́ kánópì, Omamuzo Edafe ti gbá góòlù kan wọlé. Ẹnìkan gbé fóònù rẹ̀ ti ìgò málìtì lórí tábìlì, gbogbo wa sì rọ̀gbà yí i ká bí a ti ṣe pọ̀ tó, àwọn ìyá jókòó níwájú, àwọn ọmọ dúró lẹ́yìn, àwọn ọkùnrin ń nawọ́ sí ibi tí àwòrán kò ti hàn. Amina Bello gbá èkejì wọlé. Edidiong Etim gbá ẹ̀kẹta. Wọ́n gbé ìlù ìdúpẹ́ wá síbi tí fóònù wà. Màmá bi mí pé ta ni bàbá tó dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá yẹn. Mo ní Bankole Olowookere ni, akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn. Ó ní, "Yorùbá ni? Ó káre."

Ni Jámánì bá bẹ̀rẹ̀. Wọ́n dá ọ̀kan padà, wọ́n dá èkejì padà, nígbà tó ku díẹ̀ kí rẹfirí fun fèrè ìkẹyìn, wọ́n dá ẹ̀kẹta padà. 3–3. Ìlù dákẹ́. Bí wọ́n ṣe ń to ara wọn fún pẹ̀nárítì ni nẹ́tíwọ̀kì lọ. Àwòrán dúró gbagidi, òbírí kan ń yí lórí rẹ̀. Ọmọ olóògbé kan pe ẹ̀gbọ́n ìyàwó rẹ̀ ní Èkó, ó fi fóònù sí ohùn gbangba, ọkùnrin náà sì ń ti Èkó kéde pẹ̀nárítì fún wa ní ọ̀kọ̀ọ̀kan: "Ó wọlé! ... Kò wọlé! ... Jámánì ló kàn!" Ọmọ tó ń pe ara rẹ̀ ní Omilana di ọwọ́ ìyá rẹ̀ mú, ó pa ojú dé. Mi ò lè sọ bí a ṣe dúró tó kí ohùn yẹn tó pariwo pé Nàìjíríà ti gbà á, 3–2.

Mo ti wo bọ́ọ̀lù ní ibi púpọ̀. Mi ò tíì rí ibi tí ìyá arúgbó mẹ́rin ti dìde kúrò lórí àga ìsìnkú láti fò mọ́ àwọn ọmọdébìnrin. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí Nàìjíríà gba àmì ẹ̀yẹ kankan ní ìdíje ọlọ́dún 17 ti obìnrin. Láàárín àwọn orílẹ̀-èdè Áfíríkà, Gánà nìkan ló ti gba irú rẹ̀ ṣáájú wa, lọ́dún 2012.

Ní òwúrọ̀ tí mo fẹ́ máa lọ, ọmọ-ọmọ Màmá ló ru iṣu mi dé ìdí ọkọ̀. Ó sọ ọ́ kalẹ̀, ó ní, "Àǹtí, lọ́dún 2024 tí wọn yóò tún gbá a, ọmọ ọdún 16 ni n óò jẹ́." Ó ti ṣírò rẹ̀. Mo fún un lówó díẹ̀ pé kó fi ra bàtà. Ó ní òun á fún ọ̀gá wọn kó fi ra bọ́ọ̀lù, nítorí bàtà ẹyọ kan ló máa rà, gbogbo wọn ló sì máa gbá bọ́ọ̀lù.

Ọdún 2024 ti kọjá. Wọ́n gbá a ní Dominican Republic, àwọn Flamingos borí nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ mẹ́ta àkọ́kọ́ wọn kí Amẹ́ríkà tó lé wọn jáde, 2–0. Orúkọ ọmọ tí mo mọ̀ kò sí láàárín wọn. Láti ọdún 2025, FIFA ti sọ ìdíje náà di ọdọọdún, orílẹ̀-èdè 24 ló sì ń kópa dípò 16. Àyè ti pọ̀ sí i. Ajibade tó gbá a lọ́dún 2014 àti 2016 ni wọ́n fi ṣe agbábọ́ọ̀lù tó dára jù lọ nígbà tí Super Falcons, ikọ̀ àgbà àwọn obìnrin wa, gba ife Áfíríkà ẹlẹ́ẹ̀kẹwàá wọn ní Mòrókò lọ́dún 2025. Ní ìhà kejì, Linda Caicedo wà lára àwọn ọmọ Kòlóńbíà tó fi pẹ̀nárítì borí wa lọ́jọ́ tí mo dé Ìsánlú. Abúlé ni wọ́n ti bí òun náà, Villagorgona ní ìtòsí Cali. Ṣùgbọ́n ọmọ ọdún 14 ni nígbà tó bẹ̀rẹ̀ sí gbá bọ́ọ̀lù fún América de Cali nínú líìgì àwọn àgbà, nígbà tó sì di oṣù Kejì ọdún 2023, Real Madrid gbà á. Ọmọ abúlé kan rí ọjà gbé tirẹ̀ lọ.

Ẹ̀yin ọmọ Yàgbà, ẹ̀yin ọmọ Okun tí ẹ wà l'Ékòó, l'Ábújá, ní Lọ́ńdọ̀nù àti ní Amẹ́ríkà, ọ̀dọ̀ yín ni mo ń bọ̀. Ẹ máa ń padà wálé fún Kérésì, ẹ máa ń dáwó fún gbọ̀ngàn ìlú àti fún ìwúyè. Ẹ dáwó kí wọ́n tẹ́ pápá kan ní Ìsánlú kó dọ́gba. Ẹ dá ìdíje kan sílẹ̀ fún àwọn ọmọbìnrin ilé-ìwé láti Ẹ̀gbẹ̀ dé Mọ̀pà dé Kàbà, kí ẹ sì pe àwọn tó ń wá agbábọ́ọ̀lù fún Confluence Queens àti fún àwọn ẹgbẹ́ ilẹ̀ Yorùbá wá wò ó. Ẹ san owó fún ẹni tó ń kọ́ wọn, kó má baà jẹ́ pé owó ọ̀kadà rẹ̀ ló fi ń ṣe é. Àwọn ìyá yín ti gbà. Ẹ̀yin ló kù.